Ẹyẹ Inú Igbó, Ẹyẹ Inú Ìwé: Ẹni Tó Bá Mọ̀ Kó Wí

Olùkọ́ èdè, Ẹ̀pẹ́

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ kú ilé o. Ẹgbẹ́ òǹkàwé ilé ẹ̀kọ́ wa ń ka Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ lọ́wọ́. Àwọn ọmọ wá fẹ́ kọ ìwé pẹlẹbẹ tiwọn lórí igbó ẹ̀bá odi Èrèdò, odi amọ̀ àtijọ́ ilẹ̀ Ìjẹ̀bú, àti àwọn ẹyẹ inú igbó náà. Bákan náà ni gbogbo wọn ṣe kọ ọ́: "Ẹyẹ ń ké, igbó dá páropáro." Ẹyẹ wo? Lórí igi wo? Ẹni tó bá mọ̀ nípa ẹyẹ, nípa ìwé Fágúnwà tàbí nípa ìwé títẹ̀, ẹ jọ̀ọ́, kó dá sí i.

Òǹkàwé àgbà, Ẹ̀jìnrìn

Ẹ kú iṣẹ́, Olùkọ́. Ẹ kọ́kọ́ jẹ́ kí wọ́n fa ìlà sí àárín ojú ewé. Apá ọ̀tún ni kí wọ́n kọ ohun tí ìtàn sọ sí, apá òsì ni ti ohun tí ojú rí. Ọdún 1938 ni Ògbójú Ọdẹ jáde, Igbó Olódùmarè jáde ní 1949, Ìrìnkèrindò nínú Igbó Elégbèje ní 1954, kò sì sí èyí tí Fágúnwà kọ nínú wọn pé ká fi máa wá ẹyẹ. Ẹ wo ògòǹgò tó jẹ́ ọba ẹyẹ nínú Ògbójú Ọdẹ. Ògòǹgò gidi kì í gbé igbó kìjikìji rárá. Kò lè fò, eré sísá ló fi ń gba ara rẹ̀ lọ́wọ́ ọ̀tá, ilẹ̀ gbalasa tó gbẹ ló sì ti lè sá irú eré bẹ́ẹ̀. Nínú ìtàn, oyè rẹ̀ ló ń jẹ, ibẹ̀ sì dára. Àmọ́ bí ọmọ bá kọ ọ́ sí apá òsì pé ògòǹgò wà ní Èrèdò, kí ẹ fagi lé e.

Apá méjèèjì máa ń pàdé nígbà mìíràn, ibẹ̀ ni ìwé ti ń dùn jù. Gbogbo ọmọ ló mọ èyí: agbe ló laró, kì í ráhùn aró, àlùkò ló losùn, kì í ráhùn osùn, lékèélékèé ló lẹfun, kì í ráhùn ẹfun. Ẹ kọ ọ́ sí ọ̀tún. Ní òsì, ẹ kọ pé bí àlùkò bá bà sórí ẹ̀ka, ara rẹ̀ dúdú bí aró tó ki ni, ẹ ò ní rí ju pupa díẹ̀ lórí rẹ̀ lọ. Ìgbà tó bá na apá láti fò ni osùn yẹn máa ń yọ, torí inú ìyẹ́ tó fi ń fò ló wà. Èròjà bàbà (kọ́pà) wà nínú pupa yẹn, bí wọ́n bá sì rẹ ìyẹ́ náà sínú omi ọṣẹ, àwọ̀ rẹ̀ a máa wọ́ sínú omi. Lékèélékèé náà kì í funfun tán nígbà gbogbo: bó bá kan àkókò àtiyé ẹyin, orí, àyà àti ẹ̀yìn rẹ̀ a pọ́n rẹ́súrẹ́sú. Ọmọ tó bá kọ báyìí ti fi kún ohun tí oríkì sọ, kò sì ba oríkì jẹ́.

Olùṣọ́ ẹyẹ, Èrèdò

Ọ̀rọ̀ àgbà ti là á. Èmi á mú un láti ibi tí iṣẹ́ ti ń bẹ̀rẹ̀, ìyẹn inú igbó fúnra rẹ̀.

Aago mẹ́fà ààbọ̀ sí mẹ́jọ ààbọ̀ àárọ̀ ni kí ẹ kó wọn lọ. Bí oòrùn bá ti mú, ẹyẹ á dákẹ́, wọn á wọ abẹ́ ewé. Ẹ má kó ju ọmọ mẹ́fà lọ lẹ́ẹ̀kan. Kí wọ́n dúró lójú kan fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá kí ẹnikẹ́ni tó kọ ohunkóhun, torí ẹsẹ̀ èèyàn máa ń pa ẹyẹ lẹ́nu mọ́, ó sì máa ń tó bẹ́ẹ̀ kí wọ́n tó padà sídìí ohun tí wọ́n ń ṣe. Ẹ kọ́ wọn láti gbọ́ kí wọ́n tó wò. Nínú igbó tó dí, ẹyẹ tí a gbọ́ pọ̀ ju èyí tí a rí lọ fíìfíì.

Bí ẹ bá ní bìnókúlà, 8×42 ló yẹ igbó. Mẹ́jọ ni iye ìgbà tó fi sọ nǹkan di ńlá, 42 ni fífẹ̀ awò iwájú rẹ̀ ní mìlímítà. Àwọn èèyàn máa ń wá 10 torí pé ó tóbi jù, bẹ́ẹ̀ ó máa ń gbọ̀n lọ́wọ́ ọmọdé, ibi tó ń fi hàn sì há. Ojú lásán ni kí wọ́n kọ́kọ́ fi rí ẹyẹ náà. Kí wọ́n má gbójú kúrò lára rẹ̀, kí wọ́n gbé bìnókúlà wá bá ojú. Ẹni tó bá ti wo bìnókúlà lọ́wọ́ kó tó gbé e, ẹyẹ ti bọ́ mọ́ ọn lójú.

Ẹ má bẹ̀rẹ̀ láti orí àwọ̀. Lábẹ́ igi ńlá, ìmọ́lẹ̀ tó ń gba ara ewé kọjá máa ń jẹ́ kí gbogbo nǹkan rí bí aláwọ̀ ewé, ẹyẹ tó bá sì ní oòrùn lẹ́yìn á dúdú pátá. Ohun tí wọ́n á kọ ni títóbi rẹ̀. Kí wọ́n fi wé ẹyẹ tí wọ́n mọ̀: ṣé kò tó ológoṣẹ́, ṣé ó tó ẹyẹlé, àbí ó ju àparò lọ? Lẹ́yìn náà ni ẹnu, ìrù, bó ṣe ń jókòó, bó ṣe ń fò. Àwọ̀ gbẹ̀yìn. Pẹ́ńsù ni kí wọ́n lò, torí òógùn àti ìrì máa ń tú yíǹkì. Kí wọ́n ya ẹyin ńlá kan fún ara, ẹyin kékeré fún orí, kí wọ́n fi ẹnu àti ìrù sí i. Dandan ni kí wọ́n ti ya èyí tán kí ẹnikẹ́ni tó ṣí ìwé atọ́nà, ìyẹn ìwé àwòrán tí a fi ń dá ẹyẹ mọ̀. Bí ọmọ bá ti rí àwòrán inú ìwé, ohun tí ìwé yà ni yóò máa sọ pé òun rí.

Ìwé atọ́nà tí mo máa ní kí ẹ rà ni ti Nik Borrow àti Ron Demey, Birds of Western Africa. Ẹyẹ inú rẹ̀ lé ní 1,300, láti Sẹ̀nẹ̀gà dé Ṣáàdì. Fífẹ̀ yìí gan-an ló ń ṣi ọmọ lọ́nà: á rí àwòrán tó jọ ọ́, á mú un, kó tó di pé ẹ wò ó, ẹyẹ orí òkè Kamẹrúùnù ló mú. Àwòrán ilẹ̀ tó wà fún ẹyẹ kọ̀ọ̀kan ni kí wọ́n kọ́kọ́ wò. Bí kò bá ti kan etí òkun wa, kí wọ́n ṣí i kọjá. Ìdílé ni wọ́n fi to ẹyẹ inú rẹ̀, kì í ṣe àwọ̀. Ẹ lẹ bébà pélébé mọ́ etí ibi tí ẹyẹlé, agbe àti àlùkò, ẹlúlùú, àtíòro àti ẹ̀gà wà.

Ẹyẹ mẹ́ta péré tó fún ìwé pẹlẹbẹ yín bí wọ́n bá kọ wọ́n dáadáa. Ẹlúlùú gùn tó 40 sẹ̀ǹtímítà, orí rẹ̀ dúdú, ẹ̀yìn rẹ̀ pupa rẹ́súrẹ́sú, ikùn rẹ̀ funfun, ẹyinjú rẹ̀ pọ́n. Ohùn rẹ̀ a máa sọ̀ kalẹ̀, hú-hú-hú-hú, bí omi tó ń dà jáde lẹ́nu agbè. Inú pápá, ẹ̀bá oko àti igbó ṣúúrú ló ń gbé, nítorí náà ẹ má jẹ́ kí wọ́n fi í sí àárín igbó dúdú. Àtíòro ló yẹ ibẹ̀. Ó gùn tó 54 sẹ̀ǹtímítà, ó dúdú, ikùn rẹ̀ funfun, a máa ju apá, a máa na apá gbọọrọ láìjù ú, a tún ju apá, tí ipa ọ̀nà rẹ̀ á máa lọ sókè sódò. Bó bá fẹ́ yé, abo á wọ inú ihò igi, wọ́n á dí ẹnu ihò náà ku ojú tín-ín-rín, akọ á sì máa gba ojú yẹn fún un lóúnjẹ. Ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọ ronú sí èyí: igi tí kò dàgbà kò lè ní ihò tó gba ẹyẹ yẹn. Bí wọ́n bá gé àwọn àgbà igi lẹ́bàá odi Èrèdò, ewé á ṣì wà níbẹ̀, àtíòro ò ní ríbi yé sí.

Ẹ̀kẹta ni alápàáńdẹ̀dẹ̀, òun ni mo sì ń rí tí wọ́n ń kọ sódì jù nínú ìwé ọmọdé. Oríṣi méjì wà tí wọ́n jọra. Ọ̀kan jẹ́ àlejò, láti Yúróòpù ló ń wá ní bíi Oṣù Kẹsàn-án sí Ìkẹwàá, a sì padà ní nǹkan bí Oṣù Kẹrin. Ọ̀fun tirẹ̀ pupa, ọ̀já dúdú kan gba àyà rẹ̀ kọjá láìjá. Èkejì jẹ́ onílé, iwájú orí rẹ̀ ló pupa, ọ̀já àyà rẹ̀ sì já láàárín. Onílé ló ń fi amọ̀ kọ́lé sábẹ́ òrùlé wa. Àlejò kì í yé níbí.

Olùkọ́ èdè, Ẹ̀pẹ́

Ẹ ṣeun púpọ̀, ẹ̀gbọ́n. Àwọn ọmọ tún ń bèèrè nípa igbe òru: èyí tó máa ń bẹ̀rẹ̀ jẹ́jẹ́, tó á máa ga sí i, tó á wá di ariwo bíi ti ẹni tí wọ́n ń pa. Wọ́n ní iwin ni, àwọn kan ní ẹyẹ ni.

Olùṣọ́ ẹyẹ, Èrèdò

Ó ṣeé ṣe kó jẹ́ òfàfà, ọ̀wàwà lẹ́nu àwọn mìíràn. Kì í ṣe ẹyẹ. Ẹran onírun ni, kò ju ehoro lọ, orí igi ló ń gbé, ewé ló ń jẹ, erin sì wà lára àwọn tó bá a tan jù nínú gbogbo ẹran tó wà láyé. Bí wọ́n bá fẹ́ kí iwin wọ inú ìtàn wọn, ohùn òfàfà ni kí wọ́n fún un, kí wọ́n kọ ọ́ bó ṣe ń gun òkè ní ìpele ìpele. Ẹ̀rù á ba òǹkàwé ju bí wọ́n ṣe kọ "igbe burúkú kan" lọ.

Ẹ tún ṣọ́ra pẹ̀lú òdídẹrẹ́. Ní 2016 ni àwọn orílẹ̀-èdè inú CITES, àdéhùn àgbáyé lórí òwò ẹran àti ewéko igbó, fòfin de títa èyí tí wọ́n mú nínú igbó láti ilẹ̀ kan sí òmíràn, torí pé pàkúté ti dín wọn kù gidigidi. Bí wọn ò bá rí i, kó wà ní apá ọ̀tún.

Atẹ̀wé, Ìkòròdú

Ẹ jẹ́ kí n sọ ti títẹ̀. Bí ẹ bá fẹ́ ká A4 sí méjì kí ẹ fi pín-ìnnì kàn án láàárín, iye ojú ewé gbọ́dọ̀ ṣeé fi mẹ́rin pín: 24 dára, ìwé A4 mẹ́fà ni. Bí ẹ bá kó 22 wá, méjì á ṣófo lẹ́yìn. Bébà 100 giráàmù ni kí ẹ lò fún inú, 250 fún èèpo. 80 giráàmù máa ń jẹ́ kí àwòrán ojú ewé kan hàn sí ìkejì.

Àmì ohùn ló ń fa wàhálà jù. Kọ̀ǹpútà kò ní ẹ́ tàbí ọ̀ gẹ́gẹ́ bí lẹ́tà kan ṣoṣo. Ẹ ni yóò mú, yóò wá gbé àmì lé e lórí. Fọ́ńtì, ìyẹn irú lẹ́tà tí kọ̀ǹpútà fi ń kọ̀wé, tí kò bá mọ bí wọ́n ṣe ń gbé e á jẹ́ kí àmì náà fò lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́, tàbí kó di àpótí òfìfo. Ẹ lo Charis SIL, Gentium tàbí Noto Serif, ọ̀fẹ́ ni gbogbo wọn. Ẹ sọ ọ́ di PDF kó tó kúrò lọ́wọ́ yín, kí fọ́ńtì wọ inú rẹ̀, kí ẹ sì tẹ ojú ewé kan wò tí "ẹyẹ", "ọ̀kín" àti "àṣá" wà lórí rẹ̀.

Àwòrán tí ẹ bá fẹ́ kó fẹ̀ tó 10 sẹ̀ǹtímítà gbọ́dọ̀ ní bíi 1,180 píksẹ́lì ní fífẹ̀. Ẹ má fi WhatsApp ránṣẹ́ bíi fọ́tò, torí á fún un kéré. Ẹ fi ránṣẹ́ bíi dọ́kúmẹ́ǹtì. Bí ìwé atọ́nà yín bá sì dé, ẹ má tò ó mọ́ ògiri tó kọjú sí ọ̀sà. Ẹ fi àyè ìka mẹ́rin sílẹ̀ lẹ́yìn rẹ̀ kí atẹ́gùn lè kọjá, ẹ má sì dì í sínú ọ̀rá bó bá ti inú igbó dé tó ṣì tutù: àárín ojú ewé ni èéhù ti máa ń bẹ̀rẹ̀, lẹ́bàá okùn.