Sáà Premier League wo lẹ ò lè gbàgbé?

Ìbéèrè: Ẹ̀yin ará, ẹ jọ̀ọ́, èwo ló wọ̀ yín lọ́kàn jù? Tèmi ni 2011/12, Manchester City àti Manchester United jọ ní póìǹtì 89, iye góòlù ni wọ́n fi yà wọ́n, City ló gba ife.

Èsì: Ẹ̀gbọ́n, òótọ́ lẹ sọ o! Ọjọ́ tó kẹ́yìn yẹn, QPR ń na City 2-1, àádọ́rùn-ún mínííìtì ti pé, Dzeko ti City bá fi orí kan kan wọlé, Balotelli ti ń ṣubú lọ kó tó ti bọ́ọ̀lù sí Aguero, ìyẹn yẹ ẹnì kan sílẹ̀ ó gbá a wọlé, ó bọ́ jẹ́sì ó ń fì í lókè, orí mi ṣì ń wú tí mo bá rántí.

Èsì: Ẹ má gbàgbé Yakubu tiwa o. Góòlù 17 ló gbá wọlé fún Blackburn ní líìgì, mẹ́rin lọ́jọ́ Swansea nìkan, síbẹ̀ wọ́n já sísàlẹ̀. Ó dùn mí gan-an.

Èsì: Ọmọ United ni mí. 6-1 tí City nà wá ní Old Trafford lóṣù kẹwàá ló gba ife yẹn lọ́wọ́ wa, kì í ṣe Aguero.