Ìyàwó ajàfẹ́tọ̀ọ́ ni mí, ẹ gbà mí nímọ̀ràn

Ìyá Ìbejì: Ẹ kú àṣálẹ́ o. Ọkọ mi wà nínú àwọn tó ń ṣíwájú ìjà owó oṣù àwọn òṣìṣẹ́ níbí. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ẹ̀ẹ̀mẹrin ni wọ́n ṣèpàdé ní pálọ̀ wa. Mo dáná fún wọn, orí bẹ́ẹ̀dì sì ni àwọn ìbejì ti ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá wọn. Lóru Ọjọ́bọ̀, fóònù dún, èmi ni mo gbé e. Ohùn tí mi ò mọ̀ ní, "Kìlọ̀ fún ọkọ ẹ." Mi ò tíì sọ fún un.

Coretta Scott King ni mo ń rò ṣáá, ìyàwó Martin Luther King tó jà fún ẹ̀tọ́ àwọn aláwọ̀ dúdú ní Amẹ́ríkà. Lálẹ́ ọjọ́ 30 oṣù kìíní ọdún 1956, ọkọ rẹ̀ wà ní ìpàdé nígbà tí wọ́n ju bọ́ǹbù sí ìloro ilé wọn ní Montgomery. Yolanda ọmọ wọn ò tíì pé oṣù mẹ́ta. Bàbá Coretta wá láti mú òun àtọmọ lọ sílé, Coretta ní òun ò lọ. Èmi ìbá ti lọ. Ṣé ìyẹn burú?

Àdùnní: Kò burú rárá, àǹtí mi. Ṣùgbọ́n ẹ má rò pé ìjókòó sílé nìkan ni Coretta ṣe. Orin ló kọ́ ní Boston. Láti 1964, ó ń ṣe agbo orin káàkiri, ó ń kọrin, ó ń sọ ìtàn ìjà wọn, owó tó bá wọlé sì ń lọ fún ìjà náà. Ọmọ mẹ́rin ló ti bí nígbà yẹn!

Ìyá Àgbà: Ọmọ mi, ọkọ tèmi náà jà nígbà ayé rẹ̀. Gbogbo ìpè òru, mo gbé e mì. Àwọn ọmọ mi wá gbọ́ ọ lẹ́nu aládùúgbò, ó sì dùn wọ́n jù mí lọ. Coretta ò fi pamọ́. Ní ọjọ́ 8 oṣù kẹrin 1968, wọ́n ti pa ọkọ rẹ̀, wọn ò tíì sin ín, ó kó mẹ́ta nínú àwọn ọmọ dání lọ ṣíwájú ìwọ́de ní Memphis. Bernice, ọmọ ọdún márùn-ún, ló fi sílẹ̀. Ó mọ èyí tó lè gbé e. Sọ fún ọkọ rẹ lálẹ́ yìí.

Ìyá Ìbejì: Ẹ ṣé gan-an mà. Mo ti sọ fún un. Ó dákẹ́ títí, ó wá ní òun náà ti gba irú ìpè bẹ́ẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Láti ọ̀la, gbọ̀ngàn ẹgbẹ́ ni wọn yóò ti máa ṣèpàdé. Táíwò ti kó ìwé rẹ̀ padà sí pálọ̀.