Èsì: “ilé-ìkàwé alájọpín” fún DLL? Rárá o

Ẹ̀yin ará, ẹ kú ìjíròrò. Ẹ̀gbọ́n wa dábàá pé “ilé-ìkàwé alájọpín” ni ká máa pe “shared library” ní Yorùbá, irú fáìlì tí Windows ń pè ní DLL, tí Linux ń pè ní .so, tí macOS ń pè ní .dylib. Mo dọ̀bálẹ̀ fún wọn kí n tó jiyàn. Kò sẹ́ni tó ń kàwé nínú fáìlì wọ̀nyí. Iṣẹ́ tí wọ́n ti ṣe sílẹ̀ ló wà níbẹ̀: bí a ṣe ń ya fèrèsé sójú kọ̀ǹpútà, bí a ṣe ń ránṣẹ́ sí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé, kí oníprógíráàmù má baà máa kọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ lójoojúmọ́.

“Alájọpín” gan-an ni n ò lè gbé mì. Ohun tí a bá pín, ó ti kúrò lọ́wọ́ ẹnì kejì. Ẹran Iléyá tó bọ́ sínú abọ́ mi, kì í ṣe tìrẹ mọ́. Ṣùgbọ́n kànga agbo ilé wa ní Ìgbógbó, lẹ́bàá Ìkòròdú, kò sẹ́ni tó pín in rí. Oníkálukú ló ń gbé garawa tirẹ̀ wá, okùn sì ti ha etí kànga náà títí ó fi gé wọnú bí eyín ayùn. Àjùmọ̀lò nìyẹn. Fáìlì kan, ẹ̀dà kan nínú mẹ́mórì, prógíráàmù mẹ́wàá ń fà á.

Ẹ sì wo .so yìí. Àwọn tó sọ ọ́ lórúkọ ò ro Yorùbá rárá, síbẹ̀ síso ni wọ́n ń so ó mọ́ prógíráàmù. Ẹ má ṣáà fi àmì òkè lé e o, ọ̀rọ̀ á di òórùn. Èyí tí wọ́n ń so mọ́ prógíráàmù nígbà tó bá jí, mo pè é ní ìsomọ́ ìgbà ìlò. Èyí tí wọ́n ti kó sínú rẹ̀ pátápátá, irú .a ti Linux, ìsomọ́ ìgbà ìkọ́ ni: ẹni tó gbẹ́ kànga sínú yàrá ara rẹ̀. Nígbà tí àṣírí Heartbleed, ihò ààbò kan, tú ní oṣù kẹrin 2014 nínú OpenSSL, iṣẹ́ àtiṣesílẹ̀ tí prógíráàmù fi ń dáàbò bo ọ̀rọ̀ lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, ẹni tó ń so ó nígbà ìlò kàn pààrọ̀ libssl, fáìlì rẹ̀, ó tún àwọn prógíráàmù bẹ̀rẹ̀, omi gbogbo ilé mọ́. Ẹni tó kó o sínú, ọ̀kọ̀ọ̀kan ló máa tún kọ́.

Ibi tó takókó ni pípín wọn sí ọ̀wọ́. Ní ṣọ́ọ̀bù mi ní Sábó, ọmọ ìkọ́ṣẹ́ mi rí Microsoft Visual C++, àkójọ DLL tí ọ̀pọ̀ prógíráàmù ń lò, tó tò lẹ́sẹẹsẹ lórí kọ̀ǹpútà oníbàárà kan: 2008, 2010, 2013. Ó ní wọ́n ti pọ̀ jù, ó yọ 2010 kúrò kí àyè lè gbà. Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, màmá oníbàárà wọlé, kọ̀ǹpútà wà lábíyá wọn: prógíráàmù tí wọ́n fi ń ṣírò owó ní òun ò rí MSVCR100.dll, inú 2010 yẹn ló sì wà. 2013 ò lè dúró fún 2010. Ọmọ náà ní, “Bọ̀ọ̀dá, ṣé wọ́n kọ orúkọ ẹni tó ń lò ó sí i lára ni?” N ò rí èsì fún un.

Torí náà n ò ní fi ìrù orúkọ wọn pín wọn; .cpl àti .ocx náà, DLL ni wọ́n lábẹ́ aṣọ. Ẹni tó ń lò ó ni mo máa wò: ti ẹ̀rọ fúnra rẹ̀, bíi kernel32.dll, àjùmọ̀lò, bíi MSVCR100 yẹn, àti àdálò, èyí tí prógíráàmù kan gbé pamọ́ sínú fódà tirẹ̀. Ibẹ̀ ni mo ti ká ara mi mọ́. Bí DLL kan bá lè jẹ́ àdálò, a ò lè pe gbogbo wọn ní àjùmọ̀lò. Ó dáa, mo yí padà: “fáìlì ìsomọ́” ni kí irú wọn máa jẹ́, kí àjùmọ̀lò àti àdálò jẹ́ ọ̀wọ́ lábẹ́ rẹ̀.

Ẹ má sì jẹ́ ká fi nọ́ńbà sórúkọ. Lórí Windows 64-bit, DLL 64-bit ló wà nínú fódà System32. Inú SysWOW64 ni ti 32-bit wà. Láyé 32-bit, wọ́n wolé lóòótọ́ kí wọ́n tó sọmọ lórúkọ, ilé ló yí padà. Prógíráàmù tó ti kọ orúkọ náà sínú ara wọn sì ti pọ̀ jù láti yí i.

Ọ̀kan ṣì kù. Prógíráàmù tí kò rí fáìlì ìsomọ́ rẹ̀, kí ni ká ní ó ṣe é? Ọmọ ìkọ́ṣẹ́ mi ní “okùn já”. Lójú tèmi, okùn ò já, kànga ni wọ́n dí.