Ẹja mi ń họra mọ́ òkúta, funfun wínníwínní sì ti bò wọ́n

Ìyá Ìbejì: Ẹ káàárọ̀ o, ẹ̀yin ẹlẹ́ja. Ọkàn mi ò balẹ̀ rárá. Mo ra ẹja guppy méjì ní ọjọ́ mẹ́wàá sẹ́yìn, mo sì dà wọ́n mọ́ àwọn ti tẹ́lẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Láti ìjẹta ni wọ́n ti ń họra mọ́ òkúta. Nígbà tí mo tan tọ́ọ̀ṣì sí wọn láàárọ̀ yìí, ìrù àti lẹbẹ wọn dà bí ìgbà tí wọ́n bu iyọ̀ wọ́n ọn. Àrọ̀ kéékèèké mẹ́ta wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Omi inú àpótí ẹja mi jẹ́ 60 lítà, 25°C. Oògùn wo ni kí n dà sí i?

Bàbá Ẹlẹ́ja: Ẹ kú ìrọ́jú, mà. Ẹ má tíì da nǹkan kan sí i. Ẹ yẹ omi wò ná. Amóníà, májèlé tó ń ti ara ìgbẹ́ ẹja wá, náà ń mú ẹja họra, oògùn ò sì wo omi búburú sàn. Ṣé nǹkan bí òwú wà lẹ́nu wọn?

Ìyá Ìbejì: Rárá, sà. Amóníà 0, nitrite (májèlé tí amóníà ń dà) 0.

Àdìsá: Ich nìyẹn, àǹtí, kòkòrò tín-ín-tín tó ń fa funfun wínníwínní lára ẹja. Ká ní òwú wà lẹ́nu wọn ni, ẹ ò gbọdọ̀ gbé omi gbóná, torí bakitéríà ló ń fa òwú yẹn, ooru ló sì ń mú un le sí i. Ti ich yàtọ̀. Èyí tẹ́ ẹ ń rí ti wọ abẹ́ awọ, oògùn ò lè dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Tó bá yó, á já bọ́ sáàárín òkúta wẹ́wẹ́, á pín sí ọgọ́rọ̀ọ̀rún, àwọn ọmọ náà á máa lúwẹ̀ẹ́ wá ẹja tí wọn ó lẹ̀ mọ́. Àsìkò yẹn nìkan ni oògùn ń bá wọn. Ẹ máa gbé híítà sókè díẹ̀díẹ̀ fún ọjọ́ 2 títí dé 29 tàbí 30°C, kí wọ́n lè tètè já bọ́. Ẹ yọ èédú inú asẹ́ kúrò, kó má baà fa oògùn mu. Ẹ ka ara páálí dáadáa: àwọn oògùn kan ń ṣe àrọ̀ léṣe.

Màmá Tóńdé: Ẹ má ṣe bíi tèmi o. Ní ọjọ́ kẹrin, mi ò rí funfun kankan mọ́, mo bá dáwọ́ oògùn dúró. Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ẹja 5 kú. Ẹ bá a lọ fún ọ̀sẹ̀ kan sí i lẹ́yìn tí funfun bá tán. Ẹja tuntun, ọ̀tọ̀ ni kó wà fún ọ̀sẹ̀ 4.

Ìyá Ìbejì: Ẹ ṣé gan-an. Ọ̀kan wà lójú omi báyìí, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ.

Àdìsá: Àǹtí, ó ti dé ibi tó fi ń mí nìyẹn. Ẹ tan ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ báyìí, kẹ́ ẹ tó fọwọ́ kan híítà. Bí omi bá ṣe ń gbóná ni afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ ń dín kù.