Ṣé Kí N Pa Ìrìn Ẹsẹ̀ Tì Nítorí Gbígbé Irin?

Ìbéèrè

Ẹ̀yin ará inú ẹgbẹ́ yìí, mo kí yín o. Mo ti lé ní àádọ́ta ọdún, iṣẹ́ ìjókòó sì ni mo ń ṣe. Láti ìgbà tí dókítà ti sọ fún mi pé ẹ̀jẹ̀ mi fẹ́ máa ga ni mo ti mú ìrìn ẹsẹ̀ ní ọ̀kúnkúndùn. Mo máa ń rin ìdajì wákàtí ní gbogbo àárọ̀ ọjọ́ iṣẹ́, mi ò sì mí hẹlẹ bí ti tẹ́lẹ̀ mọ́. Ohun tó ń rú mi lójú ni pé bí mo bá jókòó sórí àga tó lọ sílẹ̀, mo ṣì ní láti fi ọwọ́ ti itan kí n tó lè dìde, bí mo bá sì gbé ẹrù gun àtẹ̀gùn, ẹsẹ̀ mi á máa gbọ̀n. Àbúrò mi ọkùnrin ní ìrìn kì í ṣe eré ìdárayá rárá, irin ni kí n máa gbé. Ọ̀rẹ́ mi kan ní tirẹ̀ ní bí mo bá ti ń sá eré àsápajúdé fún ìṣẹ́jú mẹ́rin péré lóòjọ́, ó ti tó. Ta ni kí n gbọ́ tirẹ̀? Ẹ jọ̀wọ́, ẹ là mí lóye.

Ìdáhùn láti ọ̀dọ̀ nọ́ọ̀sì kan

Ẹ kú ìtọ́jú ara, mà. Ẹ má pa ìrìn yín tì o. Ní ọdún 1953, Jeremy Morris àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbé ìwádìí jáde lórí àwọn òṣìṣẹ́ bọ́ọ̀sì ìlú Lọ́ńdọ̀nù. Wọ́n rí i pé àrùn ọkàn ń ṣe àwọn awakọ̀ tó ń jókòó láti àárọ̀ di alẹ́ ju àwọn tó ń gba owó ọkọ̀ lọ, àwọn wọ̀nyí sì ni àwọn tó ń gun àtẹ̀gùn bọ́ọ̀sì alájà méjì lókè sódò. Irú eré bẹ́ẹ̀, tó ń mú ọkàn ṣiṣẹ́ fún ìgbà pípẹ́ láìdáwọ́ dúró, ló ń jẹ́ kí ọkàn lè ti ẹ̀jẹ̀ púpọ̀ jáde ní ìlù kan ṣoṣo, tí òpó ẹ̀jẹ̀ á sì máa rọ̀ dáadáa.

Ìmọ̀ràn tí Àjọ Ìlera Àgbáyé gbé jáde ní ọdún 2020 ni pé kí àgbàlagbà máa ṣe eré ìwọ̀ntúnwọ̀nsì fún ìṣẹ́jú 150 sí 300 lọ́sẹ̀, tàbí eré tó le fún ìṣẹ́jú 75 sí 150. Bí ẹ bá ń rìn tí ẹ lè sọ̀rọ̀ ṣùgbọ́n tí ẹ kò lè kọrin, ẹ ti wà nínú ìwọ̀ntúnwọ̀nsì náà. Ṣùgbọ́n ìmọ̀ràn kan náà yìí sọ pé kí ènìyàn máa ṣe eré tó ń fún iṣan lágbára, ó kéré tán lọ́jọ́ méjì lọ́sẹ̀, ibẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ nínú wa máa ń fò kọjá.

Ìdáhùn láti ọ̀dọ̀ olùkọ́ eré ìdárayá kan

Nọ́ọ̀sì ti sọ ọ́ re. Ohun tí a bá fi kọ́ ara náà ni ara ń mọ̀ ọ́n ṣe. Nínú ìrìn, ìgbésẹ̀ fẹ́ẹ́rẹ́ ni iṣan itan ń tún ṣe láìmọye ìgbà, nítorí náà àwọn okùn iṣan tí ara ń pè jáde nígbà tí nǹkan bá wúwo kì í fi bẹ́ẹ̀ rí iṣẹ́ ṣe, àwọn gan-an ló sì máa ń tín-ín-rín jù bí ọjọ́ orí bá ti ń gòkè.

Ẹ kò nílò irin láti bẹ̀rẹ̀. Ẹ wá àga tó dúró ṣinṣin, kí ẹ gbé ẹ̀yìn rẹ̀ ti ògiri. Ẹ jókòó sí etí rẹ̀, kí ẹsẹ̀ yín fẹ̀ tó èjìká, ẹ ká ọwọ́ lé àyà, ẹ tẹ̀ síwájú díẹ̀, kí ẹ wá dìde. Bí ẹ bá ń padà jókòó, ẹ rọra ka ení, èjì, ẹ̀ta kí ìdí tó kan àga, nítorí bí ẹ bá kàn já lu àga, ìdajì iṣẹ́ náà ti sọnù. Ẹ ṣe é ní ẹ̀ẹ̀mẹ́jọ sí ẹ̀ẹ̀méjìlá, ẹ sinmi, kí ẹ tún un ṣe. Bí ó bá ti ń rọrùn, ẹ gbé nǹkan tó wúwo díẹ̀ mọ́ àyà. Ẹ má ṣe sé èémí, torí ó máa ń mú kí ẹ̀jẹ̀ ga lójijì. Ẹ máa mí síta bí ẹ bá ń dìde.

Ẹ má sì retí kí itan yín tóbi ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́. Agbára tó máa kọ́kọ́ dé, ọpọlọ àti iṣan ìmọ̀lára tó ń kọ́ bí wọn yóò ṣe pe iṣan ara sí iṣẹ́ ló ń mú un wá.

Ìdáhùn láti ọ̀dọ̀ ẹni tó ti ń sáré ìje rí

Ọ̀rọ̀ ìṣẹ́jú mẹ́rin yẹn ni mo fẹ́ fọwọ́ bà. Ìwádìí Izumi Tabata ní ilẹ̀ Japan ní ọdún 1996 ni wọ́n máa ń tọ́ka sí: ogún ìṣẹ́jú àáyá eré líle, mẹ́wàá ìsinmi, ní ẹ̀ẹ̀méje sí ẹ̀ẹ̀mẹ́jọ. Lóòótọ́ ni èémí àwọn tó ṣe é pọ̀ sí i láàárín ọ̀sẹ̀ mẹ́fà. Ṣùgbọ́n ọ̀dọ́mọkùnrin tí ara wọn ti mọ eré ni wọ́n, orí kẹ̀kẹ́ inú ilé ìwádìí ni wọ́n sì ti ń ṣe é títí ó fi rẹ̀ wọ́n tẹnutẹnu. Àwọn tó ń ta á lọ́jà gẹ́gẹ́ bí eré ìrọ̀rùn kì í sọ èyí. Ẹ̀yin, mà, ẹ kàn máa yára rìn fún ìṣẹ́jú mẹ́ta, kí ẹ rọra rìn fún mẹ́ta, kí ẹ sì tún un ṣe bí ẹ̀ẹ̀márùn-ún. Àwọn onímọ̀ Japan dán èyí náà wò lára àwọn tó ti dàgbà, agbára itan wọn lọ sókè, ẹ̀jẹ̀ wọn sì lọ sílẹ̀.

Olùbéèrè

Ẹ ṣeun púpọ̀, Olúwa á máa fún yín lágbára. Ẹ̀rù ṣì ń bà mí díẹ̀: ṣé eré agbára yìí kò ní dá kún ẹ̀jẹ̀ mi? Ṣé ìrìn ló sì yẹ kó ṣáájú bí mo bá ṣe méjèèjì lọ́jọ́ kan náà?

Nọ́ọ̀sì

Bí ẹ bá ń ṣe é lọ́wọ́, ẹ̀jẹ̀ yóò gòkè, yóò sì padà sílẹ̀. Tí ó bá di bárakú, ó máa ń mú un wálẹ̀ díẹ̀ ni. Àkópọ̀ ìwádìí kan tó jáde ní ọdún 2023 fi oríṣiríṣi eré wéra. Gbogbo wọn ló dín ẹ̀jẹ̀ ríru kù, ṣùgbọ́n èyí tí ènìyàn ń dúró sójú kan ṣe ló ta yọ, pàápàá kí a fẹ̀yìn ti ògiri bí ẹni tó jókòó sórí àga tí kò sí níbẹ̀. Èmi gan-an kò retí bẹ́ẹ̀. Ẹ kọ́kọ́ fi tó dókítà yín létí, ẹ má sì dá oògùn kankan dúró fúnra yín. Bí àyà bá ń dùn yín tàbí òòyì bá kọ́ yín, ẹ dáwọ́ dúró lójú ẹsẹ̀.

Olùkọ́ eré ìdárayá

Eré agbára ni kó ṣáájú, nígbà tí ẹsẹ̀ kò tíì rẹ̀ yín. Ní ọdún 1980, olùwádìí kan tó ń jẹ́ Robert Hickson rí i pé àwọn tó pa eré sísá líle pọ̀ mọ́ irin gbígbé wúwo dé ibì kan tí agbára wọn kò lọ sókè mọ́. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ ojoojúmọ́ tó le koko ni tiwọn. Ìrìn yín kò lè dí yín lọ́wọ́. Ẹ fi ọjọ́ kan, ó kéré tán, sí àárín ọjọ́ agbára méjì. Itan lè máa ro yín lọ́jọ́ kejì tàbí ìkẹta, kò burú, ẹ ṣì lè rìn lọ́jọ́ náà. Orúnkún tó bá ń ta yín bí abẹ́rẹ́ ni kí ẹ má fojú fò dá. Bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, ẹ lo àga tó ga sí i.