Re: “omi-etí”: ṣé etí ló sun omi náà ni?

Ẹ̀yin ará, ẹ kú iṣẹ́ o.

Mo ti pinnu pé n ò ní dá sí àríyànjiyàn yìí lórí orúkọ Yorùbá tó yẹ omi tó há síni létí, àmọ́ nígbà tí ẹ̀gbọ́n wa tún tẹnu mọ́ ọn lánàá pé “omi-etí” ni ká máa pe omi tó kó síni létí lẹ́yìn tí a lúwẹ̀ẹ́, ara mi ò gbà á mọ́. Kí ni omi ojú? Ojú ló sun ún. Omi ẹnu ńkọ́? Omi ọyàn? Ibi tí omi ti ń wá la fi ń pè é, kì í ṣe ibi tó lọ há sí. Ẹ sọ fún dókítà pé ẹ ní omi-etí, etí tó ń ṣọyún ni yóò rò. Ọ̀tọ̀ ni ìtọ́jú ìyẹn. Oògùn tí wọ́n ń kán sétí kí omi lè gbẹ, a kì í kán an sí etí tí ìlù rẹ̀, ìyẹn awọ inú etí, ti ya.

Àbúrò tó dábàá “ìdití”, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ ò mọ adití ni?

“Ahásétí” ni tèmi. Ohùn àárín ni “a” yẹn o, bíi ti akọ̀wé àti apẹja. Ẹni tó kọ “àhásétí” ti fẹ́ sọ ọ́ di àhámọ́, bí ẹni pé ọlọ́pàá ló ti omi mọ́lé. Tó bá jẹ́ ìṣẹ̀lẹ̀ náà lẹ fẹ́ sọ lórúkọ, “ìhásétí” wà ńlẹ̀. Híhá náà ni omi ń há: gígùn ihò etí àgbàlagbà ò ju nǹkan bíi 2.5 sẹ̀ǹtímítà lọ, ihò náà sì wọ́. Epo etí tún wà níbẹ̀ tó máa ń wú bómi bá kàn án. (Ẹni tó pe epo yẹn ní “ìdọ̀tí” lọ́sẹ̀ tó kọjá, mò ń bọ̀ wá bá ọ. Ohun tó ń ṣọ́ etí ló wá di ìdọ̀tí?)

Ìyá mi àgbà ò wá orúkọ kankan. “Omi kó sọ́mọ yìí létí. Dẹ orí sẹ́gbẹ̀ẹ́.” Wọ́n á rọra fa etí mi sókè, sẹ́yìn, omi á sì ṣàn jáde ní lílọ́ wọ́ọ́rọ́. Wọn ò jẹ́ kí n ti ohunkóhun bọ̀ ọ́, torí ńṣe ni yóò tún tì í wọlé sí i.

Ẹ̀gbọ́n á ní “kó” ni màmá wí, wọn ò wí “há”. Òótọ́ ni. Àmọ́ omi tó kó sétí tó sì jáde lójú ẹsẹ̀, ta ló ń wá orúkọ fún un?