Ẹ̀sùn owó ìgbéyàwó ní Íńdíà: ṣé kí ó lọ sí Ilé Ẹjọ́ Gíga báyìí, tàbí kí ó dúró?

Ẹ̀yin amòfin tó wà láàárín wa, mo kí yín o. Ìmọ̀ràn ni mo ń wá fún obìnrin ará Íńdíà kan tí a jọ ń ṣe iṣẹ́ nọ́ọ̀sì ní London. Ìyàwó àbúrò rẹ̀ ọkùnrin fẹjọ́ sun ọlọ́pàá nílùú wọn pé ìdílé ọkọ ń fìyà jẹ òun nítorí owó àti ẹrù tí ìdílé ìyàwó máa ń kó fún ọkọ (lọ́dọ̀ tiwa, ọkọ ló ń sanwó orí), wọ́n sì ka ọ̀rẹ́ mi mọ́ àwọn tí wọ́n fẹ̀sùn kàn.

Mo ka ìwé ẹ̀sùn náà. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni orúkọ rẹ̀ jẹ yọ, pé òun àti ìyá ọkọ “máa ń yọ ọ́ lẹ́nu”; kò sí ọjọ́, kò sí ibi, kò sí ohun tí ó béèrè. Èmi kò sọ pé irọ́ ni ìyàwó ń pa o. Ọ̀rọ̀ yìí ti gbẹ̀mí obìnrin púpọ̀ níbẹ̀.

Mo mọ̀ pé nínú ẹjọ́ Kahkashan Kausar lọ́dún 2022, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ fagi lé irú ẹ̀sùn bẹ́ẹ̀ lórí àwọn ẹbí ọkọ, nítorí pé kò sọ ohun tí ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn ṣe. Ṣé kí ó bẹ Ilé Ẹjọ́ Gíga báyìí kí wọ́n yọ òun kúrò, tàbí kí ó dúró títí ọlọ́pàá yóò fi parí ìwádìí? Ṣé amòfin lè bá a ṣe é láìjẹ́ pé ó wọ ọkọ̀ òfuurufú lọ síbẹ̀, nígbà tó jẹ́ pé ẹ̀sùn náà kì í ṣe èyí tí béèlì rẹ̀ jẹ́ ẹ̀tọ́?